Ọ̀rọ̀ àdéhùn tó dé ọ̀dọ̀ ọlọ́pàá: ṣé ilé-ẹjọ́ lè dá ìwádìí dúró?

Ìbéèrè: Agbaṣẹ́ṣe ni mí, agbègbè Òkè-Baálẹ̀ ní Òṣogbo ni mo ń gbé. Ìyá kan tó ń ta aṣọ ní ọjà Ìgbọ̀nà gbé iṣẹ́ kíkọ́ ṣọ́ọ̀bù mẹ́jọ fún mi lójú ọ̀nà Ìlobù, ní mílíọ̀nù 14 náírà, a sì kọ ìwé àdéhùn. Mílíọ̀nù 6 ni ìyá náà kọ́kọ́ san. Nígbà tí sìmẹ́ǹtì àti irin gbówó lórí, iṣẹ́ dúró sí ìdí fèrèsé. Mo sọ fún un pé mo ti san owó irin fún oníṣòwò kan ní Ìbàdàn, kí ó fi mílíọ̀nù 3 kún un, ó sì fi kún un. Iṣẹ́ dé ìdí lẹ́ńtù, ó tún dúró. Ìyá náà ti wá kọ ìwé ẹ̀sùn pé mo lu òun ní jìbìtì. Ọlọ́pàá tó ń ṣe ìwádìí ní kí n dá mílíọ̀nù 5 padà, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, n ó sùn sí àtìmọ́lé. Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni mo máa padà lọ. Ọ̀rẹ́ mi kan ní kí n sáré lọ sí ilé-ẹjọ́ gíga ní Òkè-Fìà láti gba àṣẹ tí yóò dá ọlọ́pàá dúró, ṣùgbọ́n lọ́yà mi ní ó ṣeé ṣe kí adájọ́ má gbà. Kí ló dé? Ṣé ọ̀rọ̀ àdéhùn kọ́ ni?

Ìdáhùn: Ẹ̀gbọ́n wa, ẹ kú ìnira. Lọ́yà yín kò ṣì yín lọ́nà. Ilé-ẹjọ́ gíga lè dá ọlọ́pàá lẹ́kun kí wọ́n má tì yín mọ́lé ju bí òfin ṣe gbà lọ, kí wọ́n má sì fi àtìmọ́lé gba owó lọ́wọ́ yín. Ṣùgbọ́n ó ṣòro púpọ̀ kí adájọ́ tó sọ fún wọn pé wọn kò gbọdọ̀ bi yín ní ìbéèrè rárá. Ẹ̀bẹ̀ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni méjèèjì, bẹ́ẹ̀ ọ̀pọ̀ ènìyàn ló ń dì wọ́n pọ̀ sínú ìwé ìpẹ̀jọ́ kan ṣoṣo, tí èyí tí adájọ́ kò lè ṣe yóò sì fa èyí tí ì bá ṣe lulẹ̀.

Abala 214 nínú Òfin Orílẹ̀-èdè Nàìjíríà ti 1999 ni ó dá iléeṣẹ́ ọlọ́pàá sílẹ̀, abala 4 nínú Òfin Ọlọ́pàá ti 2020 sì gbé iṣẹ́ dídènà ìwà ọ̀daràn àti títọ pinpin rẹ̀ lé wọn lọ́wọ́. Iṣẹ́ ti adájọ́ ni láti gbọ́ ẹjọ́ tí wọ́n bá gbé wá lẹ́yìn tí ìwádìí ti parí. Bí ó bá wá sọ pé kí ẹni tí òfin ní kó wádìí má wádìí mọ́, ó ti kúrò lórí àga tirẹ̀ lọ jókòó sórí ti ẹlòmíràn.

Ìdájọ́ kan wà tí Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ṣe ní 2002, nínú ẹjọ́ tí olóògbé Gani Fawehinmi pe ọ̀gá àgbà ọlọ́pàá. Ohun tí Fawehinmi ń fẹ́ ni kí ọlọ́pàá wádìí ẹ̀sùn tó wà lórí gómìnà ìpínlẹ̀ Èkó ìgbà náà. Ẹ sì mọ̀ pé abala 308 nínú Òfin Orílẹ̀-èdè dáàbò bo gómìnà: wọn kò lè mú un, wọn kò sì lè pè é lẹ́jọ́ ọ̀daràn níwọ̀n ìgbà tó bá ṣì wà lórí àléfà. Síbẹ̀, ilé-ẹjọ́ náà sọ pé ààbò yẹn kò dí ọlọ́pàá lọ́wọ́ láti wádìí rẹ̀. Bí ìwádìí bá lè kan gómìnà tí òfin fúnra rẹ̀ mọ odi yí ká, níbo ni agbaṣẹ́ṣe ti fẹ́ rí odi tirẹ̀? Ìdájọ́ yẹn kan náà ni kò fi tipátipá ti ọlọ́pàá sẹ́nu ìwádìí tí Fawehinmi ń béèrè. Ó ní ọwọ́ wọn ni ìpinnu yẹn wà. Bí ilé-ẹjọ́ kò ti fẹ́ tì wọ́n síwájú, bẹ́ẹ̀ náà ni kò fẹ́ fà wọ́n sẹ́yìn.

Ní 2005, Ilé-ẹjọ́ Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn tún sọ̀rọ̀ tó ṣe tààrà ju ìyẹn lọ nínú ẹjọ́ Agbẹjọ́rò Àgbà ìpínlẹ̀ Anambra àti Chris Uba. Ó ní kí ènìyàn wá sí ilé-ẹjọ́ láti fi ilé-ẹjọ́ ṣe asà lọ́wọ́ ìwádìí àti ìpẹ̀jọ́ ọ̀daràn, ìdíwọ́ ni fún agbára tí Òfin Orílẹ̀-èdè fún àwọn tí ó ni iṣẹ́ náà. Bí ẹ bá gbé ìwé yín lọ sí Òkè-Fìà, ó dá mi lójú pé ìdájọ́ yìí ni lọ́yà ọlọ́pàá yóò nà sókè. Mo tún gbà pé ohun kan wà tí àwọn adájọ́ ń rántí bí wọn kò tilẹ̀ kọ ọ́ sínú ìdájọ́: ní 2007, Ilé-ẹjọ́ Gíga Ìjọba Àpapọ̀ ní Port Harcourt ṣe ìdájọ́ tó dí EFCC lọ́wọ́ lórí ọ̀ràn Peter Odili, gómìnà ìpínlẹ̀ Rivers ìgbà náà, ọ̀pọ̀ ọdún sì ni àwọn amòfin fi bu ẹnu àtẹ́ lù ú. Kò sí adájọ́ tó fẹ́ kí wọ́n fi irú rẹ̀ rántí òun.

Ṣùgbọ́n ìdí tó wúwo jù lójú tèmi kò nílò ìdájọ́ kankan láti fi ẹsẹ̀ múlẹ̀. Nígbà tí ìwádìí ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀, kò sí ẹni tó tíì mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ gan-an. Ìwé ẹ̀sùn ìyá aláṣọ wà nílẹ̀, ọ̀rọ̀ tiyín ṣì wà lẹ́nu yín, oníṣòwò irin Ìbàdàn kò tíì sọ nǹkan kan. Bí adájọ́ bá ní kí wọ́n dáwọ́ dúró lónìí, ó ti dá ẹjọ́ tí ẹnikẹ́ni kò tíì rò. Àwọn àgbà ní agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni. Adájọ́ tí wọ́n bá ní kó fọwọ́ sí irú àṣẹ bẹ́ẹ̀, láìjẹ́ pé wọ́n ti fi ìwé ìpẹ̀jọ́ lé ọlọ́pàá tàbí olùfisùn lọ́wọ́, mọ̀ dájú pé òun ni òwe náà ń bá wí.

Ẹ béèrè pé ṣé ọ̀rọ̀ àdéhùn kọ́ ni. Ọ̀rọ̀ àdéhùn ni. Ṣùgbọ́n ẹni tó ta ilẹ̀ kan ṣoṣo fún ènìyàn mẹ́ta kọ ìwé àdéhùn fún àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ó sì fọwọ́ sí i níṣojú ẹlẹ́rìí. Pé ìwé àdéhùn wà kò fi hàn pé ìwà ọ̀daràn kò sí. Pé àdéhùn yẹ̀ kò sì fi hàn pé jìbìtì wà. Ohun kan náà tó ṣẹlẹ̀ lè bí ẹjọ́ owó, ó lè bí ẹjọ́ ọ̀daràn, ó sì lè bí méjèèjì papọ̀, kí ọ̀kan máa lọ ní ilé-ẹjọ́ yìí kí èkejì máa lọ ní ilé-ẹjọ́ ọ̀hún.

Ó ṣeé ṣe kí ọ̀rẹ́ yín ti gbọ́ nípa abala 32(2) nínú Òfin Ọlọ́pàá ti 2020, tó sọ pé wọn kò gbọdọ̀ mú ènìyàn kìkì nítorí pé ó rú àdéhùn tàbí pé ó ṣẹ ẹnì kejì rẹ̀ ní ọ̀nà tí kì í ṣe ti ọ̀daràn. Òfin ìjọba àpapọ̀ lórí ìṣàkóso ìdájọ́ ọ̀daràn, ti 2015, ti sọ bẹ́ẹ̀ ṣáájú ní abala 8(2). Òfin tó wúlò fún yín ni, mo sì máa padà sórí rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ mọ ibi tó mọ. Ìmúni ni ó kà léèwọ̀, kò ka ìpè àti ìbéèrè léèwọ̀. Kò sì gba ẹni tí ẹ̀sùn mìíràn wà lọ́rùn rẹ̀ yàtọ̀ sí àdéhùn tó yẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìdájọ́ Diamond Bank àti Opara, tí Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ṣe ní 2018, èyí tí gbogbo ẹni tí EFCC tàbí ọlọ́pàá bá pè lórí gbèsè máa ń dì mú. Ìdájọ́ náà sọ ọ́ láìfi bọpo bọyọ̀ pé agbára EFCC kò dé orí àríyànjiyàn tó jẹ yọ láti inú àdéhùn lásán, àti pé agbowó-gbèsè kọ́ ni wọ́n. Ìdájọ́ gidi ni, àǹfààní rẹ̀ sì pọ̀. Síbẹ̀ kò sọ pé ibikíbi tí ìwé àdéhùn bá ti wà ni ìwádìí ti di èèwọ̀, àwọn tó ń kà á bẹ́ẹ̀ ní iwájú adájọ́ kì í sì í pẹ́ dákẹ́.

Àsìkò ni a fi ń ya jìbìtì sọ́tọ̀ kúrò lára àdéhùn tó yẹ̀. Òfin tó de 419, ti 2006, sọ irú irọ́ tí ó kà sí ọ̀daràn: ọ̀rọ̀ nípa ohun tó ti kọjá tàbí ohun tó wà nílẹ̀ nígbà tí a sọ ọ́, tí kò rí bẹ́ẹ̀, tí ẹni tó sọ ọ́ sì mọ̀ pé kò rí bẹ́ẹ̀ tàbí tí kò gbà á gbọ́. Bí ènìyàn bá ti fi irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ gba dúkìá lọ́wọ́ ẹlòmíràn, tó sì ní i lọ́kàn láti lù ú ní jìbìtì, ẹ̀wọ̀n tí kò dín ní ọdún 7, tí kò sì ju 20 lọ, ni òfin náà là kalẹ̀, láìsí ààyè fún owó ìtanràn. Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ to àwọn ohun tí olùpẹ̀jọ́ gbọ́dọ̀ fi hàn síra wọn nínú ẹjọ́ Onwudiwe ní 2006. Ìlérí nípa ọjọ́ iwájú kò sí nínú wọn. Ẹni tó ní òun yóò parí iṣẹ́ kí ọdún tó parí, tí kò sì parí rẹ̀, ìlérí ló yẹ̀. Ẹjọ́ owó ni ẹni tó gbé iṣẹ́ fún un lè pè é, kí adájọ́ sì wo ohun tí àwọn méjèèjì pàdánù.

Ẹ jẹ́ ká fi èyí wọn owó tí ẹ gbà. Mílíọ̀nù 6 àkọ́kọ́ kò mú ìfura kankan wá, bí ọ̀rọ̀ bá rí bí ẹ ti kọ ọ́. Ilẹ̀ ìyá náà ni ẹ kọ́lé sí, iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ lóòótọ́, bíríkì wà níbẹ̀, ògiri dé ìdí fèrèsé kí owó tó tán. Ẹni tó fẹ́ lu ènìyàn ní jìbìtì kì í da fáńdéṣọ̀n. Pé ọjà gbówó lórí kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ yín, bó tilẹ̀ jẹ́ pé bí ìwé àdéhùn yín bá dá owó iṣẹ́ náà sí mílíọ̀nù 14 láìsọ ohun tó máa ṣẹlẹ̀ bí ọjà bá gbówó lórí, ó ṣeé ṣe kí adájọ́ sọ pé ọrùn yín ni àfikún náà wà. Owó lásán nìyẹn ṣì jẹ́.

Mílíọ̀nù 3 ni ó ń kọ mí lóminú. Nínú lẹ́tà yín, gbólóhùn kan wà tí ẹ sáré kọjá lórí rẹ̀: ẹ sọ fún ìyá náà pé ẹ ti san owó irin fún oníṣòwò kan ní Ìbàdàn, lẹ́yìn ìyẹn ni ó sì tó fi owó kún un. Ọ̀rọ̀ nípa ohun tó ti kọjá nìyẹn. Bí mo bá jẹ́ ọlọ́pàá tí wọ́n fún ní fáìlì yìí, n kò ní bẹ̀rẹ̀ láti orí sìmẹ́ǹtì. Ìbàdàn ni n ó gbà lọ. Bí ẹ bá san owó náà ní kíkún tí oníṣòwò náà kò sì kó irin wá, rìsíìtì tàbí àkọsílẹ̀ báńkì yín yóò sọ bẹ́ẹ̀, ẹ̀yin gan-an ni ẹ yẹ kí ẹ lọ fẹ̀sùn kan ẹlòmíràn. Bí ó bá jẹ́ pé owó ìdúró ni ẹ fi sílẹ̀, tí ẹ wá sọ ọ́ bí ẹni pé ẹ ti san án tán, a lè jiyàn lé e lórí, nítorí ó lè jẹ́ àbùmọ́ tí kò ní èrò jìbìtì nínú, pàápàá bí owó tí ìyá náà fi kún un bá hàn lára ògiri tó ti ìdí fèrèsé dé ìdí lẹ́ńtù. Ṣùgbọ́n bí ẹ kò bá san kọ́bọ̀ fún ẹnikẹ́ni, ẹ̀gbọ́n mi, ohun tí ọlọ́pàá lè wádìí wà níwájú wọn, kò sì sí adájọ́ ní Òṣogbo tàbí níbòmíràn tí yóò rí gbólóhùn yẹn nínú ìwé ẹ̀sùn kó sì tún sọ pé àdéhùn lásán ni. Kò túmọ̀ sí pé ẹ jẹ̀bi, nítorí wọ́n ṣì gbọ́dọ̀ fi hàn pé irọ́ yẹn gan-an ló mú kí ìyá náà sanwó, àti pé ẹ ní in lọ́kàn láti jẹ ẹ́ gbé. Ó túmọ̀ sí pé wọ́n lè béèrè.

Ibí yìí ni eré tí ọ̀rẹ́ yín ní kí ẹ sá lọ sí kóòtù ti lè pa yín lára. Ìwé ìpẹ̀jọ́ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn kì í dá lọ. Ẹ ó fi ìwé ìbúra tì í lẹ́yìn, ẹ ó sì sọ ìtàn iṣẹ́ náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin lábẹ́ ìbúra. Bí ẹ bá dákẹ́ lórí irin, àwọn yòókù yóò sọ ọ́, adájọ́ yóò sì rí i pé ẹ fi nǹkan pamọ́ fún òun. Bí ẹ bá sọ ọ́ ní ọ̀nà tí kò tọ́, ẹ ti fi ọwọ́ ara yín búra èké. Bí ẹ bá sì sọ òótọ́ rẹ̀ láìtíì jókòó ti lọ́yà yín dáadáa, ọlọ́pàá yóò gba ẹ̀dà rẹ̀, wọ́n á sì fi kún fáìlì. Àwọn kan wà tí ó jẹ́ pé ohun tí wọ́n búra sí nígbà tí wọ́n ń wá ààbò ni wọ́n fi ń bi wọ́n ní ìbéèrè nígbà tí ẹjọ́ ọ̀daràn dé.

Níbi mílíọ̀nù 5 tí ọlọ́pàá ní kí ẹ dá padà, ẹ̀yin ni òfin wà lẹ́yìn rẹ̀. Ta ló ṣírò rẹ̀? Láti mọ iye iṣẹ́ tó ti wà nílẹ̀ àti iye tó kù, a nílò ẹni tó mọ ìṣirò iṣẹ́ ilé, tí yóò dé ojú ọ̀nà Ìlobù, tí yóò ka bíríkì, tí yóò wọn ògiri, tí yóò sì fi owó ọjà ìgbà tí ẹ ra nǹkan ṣe ìṣirò. Lẹ́yìn rẹ̀, adájọ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ owó ni yóò sọ pé ẹ jẹ gbèsè tàbí ẹ kò jẹ. Ọlọ́pàá kò ní àṣẹ láti dá irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀, léraléra sì ni àwọn ilé-ẹjọ́ wa ti sọ pé iṣẹ́ wọn kọ́ ni láti gba gbèsè. Bí wọ́n bá ní ìfura tó bọ́gbọ́n mu pé ẹ ṣẹ̀ sí òfin, abala 35 nínú Òfin Orílẹ̀-èdè gbà wọ́n láàyè láti mú yín lórí ìfura yẹn. Ṣùgbọ́n kò gbà wọ́n láàyè láti fi ìmúni ṣe irinṣẹ́ tí wọ́n fi ń fún owó jáde lára ènìyàn. Tí ẹ bá sanwó, ẹ lọ. Tí ẹ kò bá san, ẹ sùn: ẹni tó bá sọ bẹ́ẹ̀ ti fi ẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́ pé owó ni òun ń lépa. Ẹ kọ ọjọ́ tí wọ́n sọ ọ́ sílẹ̀, àti àkókò, àti àwọn tó wà níbẹ̀.

Ẹ má ṣe fọwọ́ sí ìwé kankan tí wọ́n bá gbé síwájú yín ní tẹ́ṣàn pé ẹ jẹ gbèsè mílíọ̀nù 5 àti pé ẹ ó san án lọ́jọ́ báyìí-báyìí. Òótọ́ ni pé a lè lọ bá adájọ́ láti fagi lé ìwé tí wọ́n fi tipá gbà lọ́wọ́ ènìyàn, ṣùgbọ́n ó rọrùn láti má fọwọ́ sí i ju láti fagi lé e lọ. Ẹ má sì gbé sọ̀wédowó lé ìyá náà lọ́wọ́ láti fi pẹ̀tù sí i nínú bí owó rẹ̀ kò bá sí ní báńkì. Òfin kan tó ti wà láti 1977 sọ sọ̀wédowó tí báńkì dá padà nítorí àìtó owó di ẹ̀ṣẹ̀ tó lè gbé ènìyàn lọ sí ẹ̀wọ̀n ọdún 2, ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ gbèsè lásán ló sì ti gba ibẹ̀ di ti ọ̀daràn.

Bí wọ́n bá tì yín mọ́lé, abala 35 náà sọ bí yóò ṣe pẹ́ tó. Níbi tí ilé-ẹjọ́ tó ní àṣẹ bá wà láàárín kìlómítà 40, ọjọ́ kan ni; nínú ìlú bí Òṣogbo, tí kóòtù májísíréètì, ilé-ẹjọ́ gíga ìpínlẹ̀ àti ti ìjọba àpapọ̀ wà, kò sí àwáwí pé ilé-ẹjọ́ jìnnà. Láàárín wákàtí 24, wọ́n gbọ́dọ̀ kọ ohun tí wọ́n torí rẹ̀ mú yín sílẹ̀ fún yín ní èdè tí ó yé yín. Ẹ ní ẹ̀tọ́ láti má dáhùn ìbéèrè kankan títí ẹ ó fi bá lọ́yà yín tàbí ẹni tí ẹ bá yàn sọ̀rọ̀. Bélì kì í ṣe ọjà títà. Wọ́n tilẹ̀ kọ ọ́ sára ògiri tẹ́ṣàn, bí àwọn tó jókòó sábẹ́ ògiri náà kò bá tilẹ̀ kà á mọ́.

Bí wọ́n bá rú èyíkéyìí nínú nǹkan wọ̀nyí, tàbí tí àmì bá ti hàn gbangba pé wọ́n fẹ́ rú u, abala 46 nínú Òfin Orílẹ̀-èdè gbà yín láàyè láti lọ sí ilé-ẹjọ́ gíga. Ẹ kò ní láti dúró kí wọ́n tó tì yín mọ́lé, ẹ kò sì nílò ìyọ̀ǹda ilé-ẹjọ́ ṣáájú mọ́ láti ìgbà tí ìlànà tuntun ti dé ní 2009. Kí lọ́yà yín kàn kọ ẹ̀bẹ̀ náà bó ṣe yẹ. Kó ní kí adájọ́ kéde pé fífi àtìmọ́lé halẹ̀ láti gba owó àdéhùn lòdì sí abala 35 àti abala 32(2), kí ó sì dá wọn lẹ́kun kí wọ́n má mú yín nítorí owó yẹn nìkan. Kó má kọ ọ́ pé kí ọlọ́pàá má wádìí yín títí láé, nítorí ẹ̀bẹ̀ yẹn ni yóò sọ gbogbo ìwé náà di ìwé ẹni tó ń wá ibi sá sí. Kó má sì fi àríyànjiyàn lórí iṣẹ́ náà ṣe olórí ẹ̀bẹ̀: láti ìgbà ìdájọ́ Tukur àti ìjọba ìpínlẹ̀ Gongola ní 1989 ni a ti mọ̀ pé ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn fúnra rẹ̀ gbọ́dọ̀ jẹ́ olórí ẹ̀bẹ̀ nínú irú ìwé yìí, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, adájọ́ yóò yọwọ́ nínú rẹ̀. Bí wọ́n bá ti mú yín láìtọ́, ẹ lè béèrè owó gbà-má-bínú àti ìtọrọ àforíjì ní gbangba. Abala 35(6) ló sọ bẹ́ẹ̀.

Ọ̀pọ̀ máa ń fẹ́ fi olùfisùn kún àwọn tí wọ́n pè lẹ́jọ́ láti fi tu ara wọn nínú. N kò rò pé ó yẹ kí ẹ ṣe bẹ́ẹ̀ nísinsìnyí. Ẹni tó kàn lọ sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ sí i fún ọlọ́pàá ṣe ohun tí òfin gbà á láàyè láti ṣe. Ìgbà tí a bá rí i pé ó parọ́ mọ́ọ̀mọ̀, tàbí pé òun ló ń darí ọlọ́pàá lórí ìgbà tí wọ́n máa tì yín mọ́lé àti ìgbà tí wọ́n máa tú yín sílẹ̀, ni ẹ̀bi tó kàn án. Ilé náà ṣì wà ní ìdí lẹ́ńtù, ẹ sì mọ ohun tí wọ́n ń wí nípa àwọn tó jọ ti kóòtù bọ̀.

Bí ìwé àdéhùn yín bá sọ pé kí ẹ gbé aáwọ̀ lọ sí iwájú onílàjà kan kí ẹ tó lọ sí kóòtù, ẹ lò ó. Òfin Ìlàjà ti 2023 ṣì gbé irú àdéhùn bẹ́ẹ̀ lẹ́sẹ̀, ó sì lè mú kí adájọ́ dá ẹjọ́ owó dúró ná. Kò lè dá ìwádìí ọ̀daràn dúró, nítorí kò sí ẹni méjì tó lè fi ìwé àdéhùn gba ọ̀ràn ọ̀daràn kúrò lọ́wọ́ ìjọba. Àmọ́ bí onílàjà bá ti ṣírò iṣẹ́ náà, tí ó sì hàn pé iye tí ẹ ṣe kò jìnnà sí iye tí ẹ gbà, ọ̀rọ̀ jìbìtì yóò fúyẹ́ lójú ẹnikẹ́ni tó bá ń ka fáìlì náà.

Kì í ṣe ní ọ̀dọ̀ wa nìkan ni ọwọ́ adájọ́ ti wúwo báyìí. Ní Íńdíà, níbi tí òfin ti fún ilé-ẹjọ́ gíga láàyè gbangba láti fagi lé ìwé ẹ̀sùn ọlọ́pàá, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ wọn kìlọ̀ nínú ẹjọ́ Neeharika Infrastructure ní 2021 pé kí wọ́n má máa dá ìwádìí dúró láti ìbẹ̀rẹ̀, kí wọ́n má sì máa pàṣẹ pé kí ọlọ́pàá má fọwọ́ kan ẹnikẹ́ni láìsọ ìdí rẹ̀. Ìdánwò kan wà tí wọ́n ń lò tí mo fẹ́ kí ẹ̀yin àti lọ́yà yín lò: kí ẹ gba ẹ̀dà ìwé ẹ̀sùn náà, kí ẹ kà á bí ẹni pé gbogbo ohun tó wà nínú rẹ̀ jẹ́ òótọ́, kí ẹ sì wò ó bóyá ìwà ọ̀daràn kankan hàn níbẹ̀. Bí ohun tí ìyá aláṣọ kọ kò bá ju pé ẹ gba owó, ẹ kò sì parí iṣẹ́, lọ́yà yín lè kọ lẹ́tà sí kọmíṣánnà ọlọ́pàá ìpínlẹ̀ kí ó tún fáìlì náà wò, tàbí sí ọ̀gá ẹkùn kọkànlá tí olú-iléeṣẹ́ rẹ̀ wà ní Òṣogbo níbí, kí ó fi abala 32(2) hàn wọ́n. Ìgbà yẹn ni ilé-ẹjọ́ pàápàá yóò fi etí sílẹ̀ fún yín. Bí ìyá náà bá ti kọ ọ̀rọ̀ irin síbẹ̀, ọ̀nà yẹn ti dí.

Ìwádìí tí kò dúró kì í ṣe òpin ọ̀rọ̀ náà. Fáìlì lè lọ sí mínísírì ètò ìdájọ́ ní Abẹ́rẹ́ fún ìmọ̀ràn, kí wọ́n sì sọ pé kò sí ẹjọ́ nínú rẹ̀. Bí wọ́n bá tilẹ̀ ti gbé yín lọ sí kóòtù, abala 211 nínú Òfin Orílẹ̀-èdè fún Agbẹjọ́rò Àgbà ìpínlẹ̀ ní agbára láti dá ẹjọ́ náà dúró. Bí kò bá sì ṣe bẹ́ẹ̀, lọ́yà yín lè sọ fún adájọ́ lẹ́yìn ẹ̀rí olùpẹ̀jọ́ pé kò sí ohun tí ó yẹ kí ẹ dáhùn. Nítorí pé àwọn ọ̀nà wọ̀nyí wà níwájú ni adájọ́ kì í fi í kánjú dí ti ìbẹ̀rẹ̀.

Ní ti ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, ẹ lọ, ẹ má sì dá lọ. Ẹni tí wọ́n pè tí kò yọjú ni wọ́n máa ń wá lọ fi ọkọ̀ gbé. Kí ẹ tó lọ, ẹ sọ òtítọ́ ọ̀rọ̀ irin náà fún lọ́yà yín, láìfi ohunkóhun pamọ́, kí ẹ sì kó ìwé àdéhùn, àkọsílẹ̀ báńkì, rìsíìtì sìmẹ́ǹtì àti àwòrán ilé náà bó ṣe wà lónìí jọ fún un. Kí òun wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ yín bí ẹ bá ń kọ ọ̀rọ̀ yín sílẹ̀. Bí wọ́n bá tún dárúkọ mílíọ̀nù 5, kí òun ni kó fèsì, kó ní kí wọ́n kọ ọ́ sí ìwé pé èyí ni wọ́n ń béèrè. N kò tíì rí ọlọ́pàá tó kọ ọ́.